Orí Keje: Ojú Ta Ni A Fi Ń Wo Ọba? Fíìmù Páṣíà Àtijọ́ àti Ọba Dàhómì tí Wọ́n Yà ní Gánà

Nígbà tí fídíò ṣẹ̀ṣẹ̀ gbòde ní Gánà, ní nǹkan bí ọdún 1980 sókè, ọ̀pọ̀ àwọn tó ń fi sinimá ṣòwò kò ní ilé sinimá kankan. Tẹlifíṣọ̀n kan, ẹ̀rọ fídíò kan àti jẹnẹrétọ̀ kékeré kan ni wọ́n ń kó sínú ọkọ̀, wọ́n á sì gbéra ní Accra lọ sí abúlé dé abúlé. Kí èrò tó lè pé jọ, pósítà gbọ́dọ̀ wà. Wọ́n lọ bá àwọn ayàwòrán ní Teshie àti láwọn àdúgbò mìíràn ní Accra, àwọn yẹn rán àpò fúláwà méjì pọ̀, wọ́n sì fi ọ̀dà olóòróró ya fíìmù náà sára rẹ̀. Daniel Anum Jasper, ará Teshie, wà lára àwọn tí iṣẹ́ yìí sọ di ẹni tí wọ́n mọ̀ kárí ayé. Ohun kan wà nínú iṣẹ́ wọn tí mo fẹ́ kí akẹ́kọ̀ọ́ di mú: lọ́pọ̀ ìgbà, ayàwòrán kò tíì rí fíìmù tó ń yà. Ẹnìkan á júwe rẹ̀ fún un, tàbí kí wọ́n fi páálí kásẹ́ẹ̀tì hàn án. Yòókù di ọwọ́ ọgbọ́n inú rẹ̀, àti ohun tó mọ̀ pé yóò mú èrò sanwó.

Bẹ́ẹ̀ gan-an ni ọ̀ràn olùdarí fíìmù tó bá fẹ́ ya Páṣíà àtijọ́. Kò dé Ṣúṣánì, ìlú ààfin Páṣíà, nígbà tí ọba wà níbẹ̀. Kò rí aṣọ tí ọba wọ̀, kò gbọ́ ohùn rẹ̀. Ẹnìkan ló júwe rẹ̀ fún un. Nítorí náà ìbéèrè tí a óò máa bi gbogbo fíìmù inú orí yìí kò ju ẹyọ kan lọ: ta ni ó júwe ọba yìí, kí sì ni onítọ̀hún ń wá? Páṣíà la óò fi bẹ̀rẹ̀. Lẹ́yìn náà a óò gbé ìbéèrè náà wá sí etíkun Gánà, níbi tí ará Jámánì kan ti ya ọba Dàhómì. Ọ̀yọ́ tiwa la óò fi kádìí rẹ̀.

Páṣíà tí ọ̀tá rẹ̀ júwe

Ẹni tó bá ti ka Bíbélì Yorùbá mọ Páṣíà ju bó ṣe rò lọ. Kírúsì tó gba Bábílónì ní ọdún 539 kí wọ́n tó bí Jésù, tó sì jẹ́ kí àwọn Júù padà sílé, wà níbẹ̀. Dáríúsì wà níbẹ̀. Ahaswérúsì inú ìwé Ẹ́sítérì, tí ìjọba rẹ̀ jẹ́ ìgbèríko 127 láti Íńdíà títí dé Etiópíà, ni ọ̀pọ̀ onímọ̀ gbà pé òun ni ọba tí àwọn Gíríìkì ń pè ní Xerxes, tó wà lórí oyè láti 486 sí 465. Nínú Bíbélì, a bá àwọn ọba yìí nínú ààfin wọn, a rí wọn tí wọ́n ń jẹun, tí wọ́n ń bínú, tí wọ́n sì ń yí ọkàn padà.

Ṣùgbọ́n ọ̀nà mìíràn ni Páṣíà gbà wọ inú sinimá. Ní 480, Xerxes kó ogun lọ bá àwọn Gíríìkì. Ó ṣẹ́gun ní Thermopylae, ó sun ìlú Áténì, àmọ́ wọ́n fọ́ ọkọ̀ ojú omi rẹ̀ túútúú ní Salamis. Ọdún mẹ́jọ péré lẹ́yìn náà, ní 472, Aeschylus tó ti fi ara rẹ̀ jagun sí Páṣíà ní Marathon gbé eré kan sórí ìtàgé ní Áténì. Ṣúṣánì ni eré náà ti ṣẹlẹ̀, inú ààfin Páṣíà, níbi tí ìyá Xerxes ti ń dúró de ìròyìn ogun. Èyí ni eré ọ̀fọ̀ Gíríìkì tó pẹ́ jù lọ nínú àwọn tó ṣẹ́ kù sí wa lọ́wọ́. Ẹ rò ó wò: eré àkọ́kọ́ tí aráyé ní lọ́wọ́ nípa ààfin Páṣíà, jagunjagun tó bá Páṣíà jà ló kọ ọ́, àwọn aládùúgbò rẹ̀ tí wọ́n sun ilé wọn ló sì jókòó wò ó. Herodotus tẹ̀ lé e, ó kọ ìtàn ogun náà gígùn, ó sì gbìyànjú ju ọ̀pọ̀ àwọn tó tẹ̀ lé e lọ láti sọ rere Páṣíà níbi tó bá ti rí i. Síbẹ̀ èdè Gíríìkì ló fi kọ ọ́, àwọn Gíríìkì ló sì ń kà á fún.

Àwọn Yorùbá bọ̀, wọ́n ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Kí ni Páṣíà fúnra rẹ̀ wí? Àwọn ọba náà kò fi ìtàn gígùn sílẹ̀ bí ti Herodotus. Òkúta tí wọ́n kọ̀wé sí ni wọ́n fi sílẹ̀, àti àwòrán tí wọ́n gbẹ́ sára ògiri Persepolis, ìlú ọba tí Dáríúsì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ní nǹkan bí 518, tí Alexander sì sun ní 330. Lórí àtẹ̀gùn gbọ̀ngán ńlá níbẹ̀, àwọn aṣojú ilẹ̀ mẹ́tàlélógún tò lọ́wọ̀ọ̀wọ́ pẹ̀lú ẹ̀bùn lọ́wọ́. Ọ̀wọ́ kan jẹ́ aláwọ̀ dúdú láti Kúṣì, eyín erin wà léjìká ọ̀kan nínú wọn. Kò sí ẹni tí wọ́n dè ní ẹ̀wọ̀n. Olúkúlùkù wọ aṣọ ilẹ̀ rẹ̀, atọ́nà sì di ọwọ́ ẹni àkọ́kọ́ nínú ọ̀wọ́ kọ̀ọ̀kan mú, bí a ṣe ń mú àlejò wọlé ọba.

Ohun kejì tí wọ́n fi sílẹ̀ ṣe pàtàkì lójú mi ju àwòrán lọ. Ní 1933, àwọn tí wọ́n rán wá láti Yunifásítì Chicago, lábẹ́ Ernst Herzfeld, hú ẹgbẹẹgbẹ̀rún wàláà amọ̀ jáde ní Persepolis. Èdè Élámù ni wọ́n fi kọ ọ̀pọ̀ jù lọ nínú wọn. Ìwé ìṣirò ni wọ́n, ti ọdún 509 sí 493: ìwọ̀n ọkà báálì, wáìnì àti bíà tí wọ́n fún àwọn òṣìṣẹ́ lóṣooṣù. Orúkọ oríṣiríṣi ẹ̀yà wà níbẹ̀. Obìnrin wà níbẹ̀ lọ́pọ̀lọpọ̀, àwọn mìíràn nínú wọn jẹ́ ọ̀gá lórí iṣẹ́, oúnjẹ tí wọ́n ń gbà sì ju ti ọkùnrin abẹ́ wọn lọ. Obìnrin tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ bímọ ń gba àfikún. Bó bá jẹ́ ọmọkùnrin ló bí, àfikún náà pọ̀ ju ti ọmọbìnrin lọ, ìyẹn kò sì dára. Mo sọ ọ́ kí ẹnikẹ́ni má bàa rò pé mo fẹ́ sọ Páṣíà di ọ̀run rere. Ọba tó ń gba ìlú kiri ni wọ́n. Àmọ́ ọba tó ń kọ iye oúnjẹ ìyá ọlọ́mọ sílẹ̀ kò tíì farahàn nínú fíìmù kankan tí mo mọ̀.

Ara ọba

Ìrínisí ni ìsọnilọ́jọ̀. Nínú fíìmù olówó gọbọi, aṣọ àti ara ni a kọ́kọ́ fi ń dá ọba lẹ́jọ́, kó tó lanu sọ̀rọ̀. Ẹ wo ohun tí wọ́n ṣe sí ara Xerxes nínú *300*, fíìmù nípa ogun Thermopylae tí Zack Snyder darí, tó jáde ní 2006. Inú gbọ̀ngán ní Montreal ni wọ́n ti ya púpọ̀ jù nínú rẹ̀, níwájú aṣọ aláwọ̀ búlúù, tí kọ̀ǹpútà sì fi òkè, òkun àti ogun kún ẹ̀yìn wọn. Ìwé àwòrán Frank Miller ni wọ́n gbé e kà. Rodrigo Santoro, ará Bràsíìlì, ló kó ipa Xerxes: òmìrán tó fá orí, tí kò ní irùngbọ̀n, tó fẹ́rẹ̀ẹ́ wà níhòòhò, tí wúrà gún imú, etí àti ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Ẹ wá lọ wo Xerxes bí àwọn gbẹ́nàgbẹ́nà tirẹ̀ ṣe gbẹ́ ẹ ní Persepolis: agbádá tó balẹ̀, adé, irùngbọ̀n gígùn tí wọ́n dì léréréré. Nínú àṣà tí irùngbọ̀n jẹ́ iyì ọba, fífá irùngbọ̀n ọba dà bí ìgbà tí èèyàn ya Aláàfin láìsí adé, tó wá ní Aláàfin gan-an nìyẹn.

Nínú fíìmù yìí kan náà, àwọn ẹrú ló ń ru ìtẹ́ Xerxes, ó tóbi bí ilé, wọ́n sì ń tẹ̀ ba lábẹ́ rẹ̀. Ìtẹ́ tí ènìyàn ń gbé wà nínú iṣẹ́ ọnà Páṣíà lóòótọ́. Ó wà lára ibojì Dáríúsì ní Naqsh-e Rustam. Àmọ́ àwọn aṣojú ilẹ̀ tó gbé e sókè níbẹ̀ dúró ṣánṣán, wọ́n na apá sókè, ọ̀bẹ ogun sì wà ní ìdí ọ̀pọ̀ nínú wọn. Ọba kì í jẹ́ kí ẹrú mú ohun ìjà sún mọ́ ìtẹ́ rẹ̀. Àwòrán kan náà ni, ìtumọ̀ rẹ̀ ni wọ́n yí po. Ìjọba Ìránì bínú sí fíìmù yìí ní gbangba ní 2007. Ẹni tó bá wo ògiri Persepolis dáadáa yóò mọ̀ pé ìbínú náà nídìí, ohun yòówù kó rò nípa ìjọba tó bínú.

Owó tó tó nǹkan bí mílíọ̀nù 65 dọ́là ni wọ́n ná sórí *300*, ó sì mú ju mílíọ̀nù 450 wọlé. Ní ọdún méjì ṣáájú, Oliver Stone ti ná nǹkan bí mílíọ̀nù 155 sórí *Alexander*. Ó ya ogun Gaugamela ní Mòrókò pẹ̀lú àwọn ọmọ ogun Mòrókò gidi, ó gbìyànjú láti fún Dáríúsì Kẹta ní irùngbọ̀n àti aṣọ tó yẹ ẹ́, fíìmù náà kò sì mówó wọlé tó bí wọ́n ṣe retí. Mi ò ní sọ pé òótọ́ ló fa àdánù rẹ̀. Fíìmù náà gùn, ó sì lọ́ra. Àmọ́ àwọn olówó sinimá rí ìṣirò méjèèjì, wọ́n sì fi wé ara wọn.

Ohun kan tún wà tí mo máa ń ní kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi wò. Ní 1960, Raoul Walsh darí *Esther and the King* ní Ítálì. Joan Collins ni Ẹ́sítérì, Richard Egan sì ni ọba Páṣíà. Ní 1962, *The 300 Spartans* jáde, tí Rudolph Maté darí ní ilẹ̀ Gíríìsì, tí àwọn ọmọ ogun Gíríìsì sì kún inú rẹ̀. Ta ni Leonidas, ọba Spáátà tó kú nítorí kí ọba Páṣíà má bàa wọlé? Richard Egan yìí kan náà. Ojú kan náà ni Ahaswérúsì àti ẹni tó kú ní ọwọ́ ogun Ahaswérúsì. Lójú ilé iṣẹ́ sinimá, kò sí ìṣòro níbẹ̀, nítorí pé ọba tí a bá fẹ́ kí èrò fẹ́ràn gbọ́dọ̀ ní ojú tí èrò mọ̀. Inú fíìmù Ẹ́sítérì, ọba gbọ́dọ̀ jẹ́ ọkọ rere ní ìkẹyìn. Inú fíìmù Thermopylae, ọba yẹn kan náà gbọ́dọ̀ jẹ́ ọ̀tá, torí náà ẹlòmíràn ni wọ́n fún ní ipa rẹ̀.

Ọba tí a kì í ṣàdédé rí

Níbí ni òǹwòran Yorùbá ti ní ohun tí òǹwòran Amẹ́ríkà kò ní. Herodotus sọ ìtàn ọba àwọn Médíà kan, Deioces, tó pàṣẹ pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe rí ojú òun mọ́, kí gbogbo ọ̀rọ̀ máa gba ọwọ́ ìránṣẹ́ wọlé. Herodotus rí i bí ẹ̀tàn: ó ní ọba náà kò fẹ́ kí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ àtijọ́ rí i pé ènìyàn bíi tiwọn ni òun. Ẹni tó bá mọ̀ pé ìlẹ̀kẹ̀ ara adé ni ó ń bo ojú ọba Yorùbá, tó sì ti gbọ́ pé Aláàfin ayé àtijọ́ kì í jáde sí gbangba ju ìgbà ọdún mélòó kan lọ lọ́dọọdún, kò ní ka ọ̀rọ̀ náà sí ẹ̀tàn. Ojú tí wọ́n bò ni ó jẹ́ kí oyè tóbi ju ẹni tó jẹ ẹ́ lọ.

Ìdí nìyẹn tí ìtàn Ẹ́sítérì fi ń wọ̀ wá lára tó bẹ́ẹ̀. Ẹnikẹ́ni tó bá wọ àgbàlá inú láìjẹ́ pé ọba pè é, ikú ni, àfi bí ọba bá na ọ̀pá wúrà sí i. *One Night with the King*, tó jáde ní 2006, tí Michael O. Sajbel darí, tí wọ́n sì yà ní Rajasthan ní Íńdíà nínú ààfin àwọn ọba ibẹ̀, gbé gbogbo ẹwà rẹ̀ lé ẹsẹ̀ díẹ̀ tí obìnrin yìí gbé láti ẹnu ọ̀nà dé ìtẹ́. Luke Goss ni ọba, Tiffany Dupont ni Ẹ́sítérì. Mo mọ àléébù fíìmù náà: ó fi ìfẹ́ ọ̀dọ́ bo ọ̀rọ̀ ìjọba mọ́lẹ̀. Síbẹ̀ mo fẹ́ràn rẹ̀ fún ìrìn yẹn. Inú ààfin ni kámẹ́rà wà, kò sí lẹ́yìn odi ọ̀tá. A ń bẹ̀rù ọba nítorí pé a wà nínú ilé rẹ̀, tí a ń retí ọwọ́ rẹ̀ tí yóò gbéra. Júù tó ń gbé lábẹ́ Páṣíà ló sọ ìtàn náà, kì í ṣe Gíríìkì tó bá Páṣíà jà. Ẹni tó ń sọ ìtàn yí padà, ọba náà sì yí padà.

Elmina, 1987

Ní báyìí ẹ jẹ́ ká gbé ìbéèrè wa wá sílé. Ní 1987 ni *Cobra Verde* jáde, fíìmù Werner Herzog, ará Jámánì. Klaus Kinski ló kó ipa Francisco Manoel da Silva, ará Bràsíìlì tí wọ́n rán wá ra ẹrú lọ́wọ́ ọba Dàhómì. Ìwé Bruce Chatwin tó jáde ní 1980 ni wọ́n gbé e kà, ìwé náà sì fara jọ ìgbésí ayé Francisco Félix de Souza, tó jẹ oyè Chacha ní Ouidah ní Dàhómì, tó sì kú síbẹ̀ ní 1849. Bràsíìlì, Kòlóńbíà àti Gánà ni wọ́n ti yà á. King Ampaw, ọmọ Gánà tó ti darí *Kukurantumi* ní 1983, bá wọn ṣe é, ó sì kó ipa nínú rẹ̀. Kinski yọ wọ́n lẹ́nu débi pé ayàfíìmù àkọ́kọ́, Thomas Mauch, kó ẹrù rẹ̀ lọ, tí Viktor Růžička sì gba iṣẹ́ náà. Ọ̀pọ̀ ìwé kò sọ ju ìjà Kinski lọ bí wọ́n bá dé orí fíìmù yìí. Ohun tí àwọn ènìyàn Gánà ṣe nínú rẹ̀ ni mo fẹ́ kí a wò.

Fíìmù náà nílò ẹgbẹ́ ọmọ ogun obìnrin. Kọ̀ǹpútà kò tíì lè ṣe èrò nígbà náà, torí náà èrò gbọ́dọ̀ jẹ́ ènìyàn. Ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọ̀dọ́bìnrin ni wọ́n kó jọ ní Accra. Pápá ìṣeré ni wọ́n ti kọ́ wọn bí a ṣe ń di ọ̀kọ̀ àti apata mú, bí a ṣe ń sáré wọ ojú ogun, Benito Stefanelli láti Ítálì sì ni olùkọ́ wọn. Lójú àwọn òṣèré Nàìjíríà òde òní, irú wọn là ń pè ní wákàpáàsì, ẹni tó kọjá lójú kámẹ́rà láìní orúkọ. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá wo fíìmù náà yóò rí i pé àwọn gan-an ni ọlá rẹ̀. Bí wọ́n bá yọ wọ́n kúrò, ará Yúróòpù kan ṣoṣo tó ń pariwo ní etíkun ni yóò kù. Mo máa ń rántí àwọn wàláà Persepolis bí mo bá ń wò wọ́n: àwọn tó ru ọlá ọba, tí ìwé ìṣirò owó oṣù nìkan mọ orúkọ wọn.

Ọba ńkọ́? Herzog kò gba òṣèré. Nana Agyefi Kwame II, Ọmanhene, ìyẹn ọba, Nsein ní ìwọ̀-oòrùn Gánà, nítòsí Axim, ló kó ipa ọba Dàhómì, ó sì mú àwọn ènìyàn ààfin rẹ̀ wá. Ẹ fi ojú sí ibi tó bá ti jókòó. Àwọn tó yí i ká mọ ibi tí ó yẹ kí wọ́n dúró sí láìsí pé olùdarí sọ fún wọn, nítorí pé iṣẹ́ wọn nìyẹn nílé. Kò sí òṣèré tó lè kọ́ bí ọba ṣe ń dákẹ́ ní ọ̀sẹ̀ méjì. Lójú tèmi, òun nìkan ni ọba nínú gbogbo fíìmù inú orí yìí tó jókòó bí ọba.

Àmọ́ kí ni wọ́n fi í ṣe? Ọba tí orí rẹ̀ kò pé, inú ààfin tí agbárí ènìyàn kún. Òótọ́ ni pé àwọn ọba Dàhómì fi agbárí ọ̀tá ṣe ọ̀ṣọ́, òótọ́ sì ni pé wọ́n ta ènìyàn fún Bràsíìlì títí. Ohun tó sọnù ni ìdí tí ẹnikẹ́ni fi ń tẹrí ba fún irú ọba bẹ́ẹ̀: ètò ìjọba rẹ̀, àwọn ìjòyè rẹ̀, òfin rẹ̀. Fíìmù náà tún gbé odi Elmina, tí àwọn Potogí kọ́ ní 1482, wá sí abẹ́ ọba Dàhómì, bẹ́ẹ̀ ó lé ní 300 kìlómítà láti Elmina dé Ouidah, ilẹ̀ Fante, Gã àti Ewe sì wà láàárín wọn. Ẹni tó wà ní òkèèrè kò ní fura. Ẹni tó wà ní Accra, láàárín ọ̀nà náà gan-an, gbọ́dọ̀ fura.

Ìgbà tí fíìmù náà ń parí ló bọ́ lọ́wọ́ ẹni tó ń júwe. Àwọn ọmọbìnrin ẹgbẹ́ Zigi, láti Ziavi nítòsí Ho, jáde, wọ́n ń kọrin, wọ́n ń jó, wọ́n sì ń rẹ́rìn-ín sí kámẹ́rà. Ewe ni wọ́n. Èdè wọn àti Fọ̀n, èdè Dàhómì, ìyá kan náà ló bí wọn. Nínú gbogbo èrò inú fíìmù náà, àwọn ni wọ́n súnmọ́ ilé ọba Dàhómì jù lọ, àwọn nìkan ni olùdarí sì jẹ́ kó ṣe ohun tó wù wọ́n níwájú wa. Wọ́n wo ojú wa padà. Xerxes kò rí irú àyè bẹ́ẹ̀ rí.

Lẹ́yìn *Cobra Verde*, ìtàn sinimá Gánà kò dúró. Kwaw Ansah gba ẹ̀bùn tó ga jù lọ ní FESPACO, àjọ̀dún sinimá Áfíríkà, pẹ̀lú *Heritage Africa* ní 1989. Ní 1993, Haile Gerima parí *Sankofa*, tí odi Cape Coast wà nínú rẹ̀ láti ojú àwọn tí wọ́n tì mọ́lé níbẹ̀. Ilé ẹ̀kọ́ sinimá NAFTI, tó bẹ̀rẹ̀ ní Accra ní 1978, ti kọ́ ọ̀pọ̀ àwọn tó ń fi kámẹ́rà ara wọn wo ilé ara wọn.

Nígbà tí Ọ̀yọ́ di Páṣíà

Àwọn ọmọ ogun obìnrin Dàhómì kì í ṣe àjèjì sí Yorùbá. Ní 1851, Gezo ọba Dàhómì kó wọn wá bá Abẹ́òkúta, àwọn Ẹ̀gbá sì lé wọn padà ní ẹnu odi Arò. Wọ́n tún wá ní 1864, lẹ́yìn ikú Gezo, wọ́n sì tún padà lófo. Nínú ìtàn Ẹ̀gbá, ìgbà yẹn ni Ẹfúnróyè Tinúbú pèsè ètù fún àwọn tó ń jà. Fún ẹni tó dàgbà nídìí Olúmọ, Dàhómì ni Páṣíà: ilẹ̀ ńlá tó kó ogun kọjá odò wá, tí ìlú tó dì mọ́ àpáta kan sì dá a dúró. Ọmọ Ẹ̀gbá tó bá wo *The 300 Spartans* kò ní bèèrè ẹni tí òun yóò gbè lẹ́yìn.

Ó wá ku oṣù kẹsàn-án ọdún 2022. *The Woman King* jáde, Gina Prince-Bythewood ló darí rẹ̀, Gúúsù Áfíríkà ni wọ́n ti yà á, Viola Davis ni olórí àwọn obìnrin náà, John Boyega sì ni Gezo. Ọdún 1823 ni ìtàn náà dúró lé. Nínú fíìmù yìí, àwọn obìnrin Dàhómì ló di Leonidas, ẹni tó sì di Xerxes ni Ọ̀yọ́. Àwọn agẹṣin Ọ̀yọ́ ló ń já wọ abúlé, àwọn ló ń gba ìṣákọ́lẹ̀, àwọn ló ń kó ènìyàn tà fún òyìnbó. Jimmy Odukoya, ọmọ Nàìjíríà, ni wọ́n fún ní ipa ọ̀gágun wọn.

Mo gbọ́ bí inú ṣe bí ọ̀pọ̀ Yorùbá sí i, inú bí èmi náà. Ṣùgbọ́n akẹ́kọ̀ọ́ gbọ́dọ̀ ya ohun méjì sọ́tọ̀. Òótọ́ ni pé Dàhómì ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún Ọ̀yọ́ láti ìdajì àkọ́kọ́ ọ̀rúndún kejìdínlógún títí di àkókò Gezo, àti pé Ọ̀yọ́ ta ènìyàn. A kò lè sẹ́ ìyẹn. Ohun tí fíìmù yí po ni ìwọ̀n agbára: ní 1823, Àfọ̀njá ti ṣọ̀tẹ̀ ní Ìlọrin, ilé Ọ̀yọ́ sì ti ń jó láti inú wá. Gezo gidi kò sì fi òwò ẹrú sílẹ̀ lẹ́yìn tó já àjàgà Ọ̀yọ́. Ó ń bá a lọ, a sì rí i ní ẹnu odi Arò. Ohun tí wọ́n ṣe sí Ọ̀yọ́ nínú fíìmù yìí ni Áténì ṣe sí Ṣúṣánì: wọ́n sọ ìjọba tó ní ìjòyè, òfin àti ìjà abẹ́lé tirẹ̀ di ẹṣin àti ojú burúkú.

Nínú oṣù kan náà yẹn, Kúnlé Afọláyan gbé *Aníkúlápó* jáde. Ó ti kọ́ ìlú kan sí Ìgbòjáyè ní Òkè-Ògùn, ààfin, ọjà àti ilé alámọ̀, ó sì gbé ìtàn rẹ̀ kalẹ̀ sí Ọ̀yọ́ ayé àtijọ́. Ní 2024, Bọ́lánlé Austen-Peters gbé *House of Ga'a* jáde, lórí Baṣọ̀run Gáà tó fi agbára yọ ọba lóyè léraléra. Nínú àwọn fíìmù yìí, Ọ̀yọ́ ń ṣìkà, ó ń ṣàánú, ó ń ṣàṣìṣe, ẹnu tirẹ̀ ló sì fi ń sọ ọ́. Mo ní àríwísí sí méjèèjì, pàápàá sí bí aṣọ wọn ṣe tuntun tó, tí kò sí eruku lára ẹnikẹ́ni. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo rí Gáà tó jókòó nínú ilé rẹ̀, tí ó ń gbèrò ibi ní èdè Yorùbá tó já gaara, mo mọ̀ pé ọmọ Ìránì tó ń wo *300* ní 2007 kò rí ohun tí mo rí yẹn.

Ìdánrawò

1. Wo ìgbà àkọ́kọ́ tí ọba fara hàn nínú *300* àti nínú *Cobra Verde*. Níbo ni kámẹ́rà wà? Ṣé ọ̀dọ̀ ọba ni, àbí ọ̀dọ̀ ẹni tó ń bẹ̀rù ọba? Kọ ohun tí ó wà lára ọba kọ̀ọ̀kan láti orí dé ẹsẹ̀.

2. Bí o bá wà ní Accra, lọ sí Teshie, kí o sì bá ayàwòrán pósítà kan sọ̀rọ̀. Bèèrè ohun tí wọ́n sọ fún un kí ó tó ya fíìmù tí kò tíì rí. Ọ̀rọ̀ wo nínú ohun tí wọ́n sọ ló di àwọ̀, èwo ló sọnù?

3. Ka ìwé Ẹ́sítérì, orí 1 sí 5. Kọ ìran kan fún fíìmù nípa ọjọ́ tí Fáṣítì kọ̀ láti wá síwájú ọba. Kí Fáṣítì fúnra rẹ̀ jẹ́ ẹni tí kámẹ́rà wà lọ́dọ̀ rẹ̀, kí a má sì rí ojú ọba rárá.

4. Yan ọ̀kan nínú àwọn obìnrin tí wọ́n kọ́ ní ogun jíjà ní pápá ìṣeré ní Accra fún *Cobra Verde*. Fún un ní orúkọ, ìyá, òwò àti àdúgbò tí ìwọ fúnra rẹ rò. Kọ ọjọ́ kan nínú iṣẹ́ náà ní ẹnu rẹ̀, kí o má sì gbàgbé láti sọ iye tí wọ́n san fún un àti ohun tí ó fi rà.